Ilé Lọmọ Ọwá Ti Ń Múná Roko: Àwàdà Orí Tẹlifíṣọ̀n àti Ìgbé Ayé Ìgboro

Iléṣà ni mo ti sọ ọ̀rọ̀ yìí, níwájú àwọn òbí, àwọn olùkọ́ àti àwọn ọ̀dọ́ tó ń kọ́ eré ṣíṣe. Bí mo ṣe sọ ọ́ náà ni mo ṣe kọ ọ́ sílẹ̀, àfi àwọn ibi tí mo ti tún ọ̀rọ̀ kan náà sọ lẹ́ẹ̀mejì ni mo gé kúrò.

Ẹ̀yin bàbá mi, ẹ̀yin ìyá mi, ẹ̀yin ẹgbẹ́ mi, àti ẹ̀yin ọmọ wa tẹ́ ẹ dúró lẹ́yìn lọ́hùn-ún nítorí àga kò kárí, mo kí gbogbo yín. Ẹ kú ìjókòó, ẹ kú ìdúró. Mo júbà àgbà. Mo júbà àwọn alárìnjó tó ti kọjá, àwọn tó ń pa ọba lẹ́rìn-ín nínú ààfin, tí wọ́n sì ń fi ẹ̀rín náà sọ ohun tí ìjòyè kò lè là lẹ́nu.

Agogo ara ògiri kan ni mo fẹ́ fi bẹ̀rẹ̀. Ẹni tó bá ti lé ní àádọ́ta ọdún nínú gbọ̀ngàn yìí ti mọ agogo tí mò ń wí. Ara ògiri kọ́ ni wọ́n gbé e kọ́, ara ènìyàn ni. Ọkùnrin kan gbé e kọ́ra bí ìgbà tí ènìyàn de agogo ọwọ́, ó ki ojú bọ jígí ràgàjì kan, ó so táì labalábá tó fẹ̀ ju àyà rẹ̀ lọ mọ́ ọrùn, ó wá ń yan bọ̀ níwájú kámẹ́rà bí ẹni tó ra gbogbo ìgboro. Moses Ọláìyá Adéjùmọ̀ ni orúkọ rẹ̀. Bàbá Sàlá ni tọmọdé tàgbà ń pè é. Ọmọ Ìjẹ̀ṣà ni, Iléṣà yìí náà ló sì dákẹ́ sí ní ọjọ́ 7 oṣù kẹwàá ọdún 2018, lẹ́ni ọdún 82.

Ní ayé ìgbà tí ó bẹ̀rẹ̀ eré, agogo ọwọ́ kì í ṣe ohun tí a fi ń mọ àkókò nìkan. Ẹni tó bá ti Èkó dé, tó fẹ́ kí àdúgbò mọ̀ pé ojú òun ti là, á kọ́kọ́ ká ọwọ́ aṣọ sókè kí ó tó kí ènìyàn, kí agogo lè yọ. Bàbá Sàlá mú ìfẹ́ àṣehàn yẹn, ó fẹ̀ ẹ́ títí ó fi tó agogo ògiri. Ẹni tó bá wò ó tán, tó tún wo ọrùn ọwọ́ ara rẹ̀, á ronú díẹ̀. Ohun tó jọ mí lójú jù ni pé ara òun fúnra rẹ̀ ló gbé e kọ́. Kò nawọ́ sí ẹnì kankan láàárín èrò pé ìwọ ni mò ń bá wí. Ó gbé àbùkù wa rù, ó dúró síwájú wa, ó ní ká máa fi òun rẹ́rìn-ín. Orí ohun kan yìí ni gbogbo ọ̀rọ̀ mi lónìí dúró lé.

Àdúgbò Adétì ni wọ́n ti tọ́ mi dàgbà. Ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n WNTV ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Ìbàdàn láti ọjọ́ 31 oṣù kẹwàá ọdún 1959, lábẹ́ ìjọba Olóyè Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀, àkọ́kọ́ irú rẹ̀ nílẹ̀ àwọn ènìyàn dúdú. Síbẹ̀, títí mo fi gbọ́njú, tẹlifíṣọ̀n kan ṣoṣo ló wà ní òpópónà wa, ilé bàbá kan tó ń ra kòkó ló sì wà. Àwọn àgbà á jókòó sínú pálọ̀, àwa ọmọdé á gun búlọ́ọ̀kù lójú fèrèsé. Bàbá náà lówó, ṣùgbọ́n ọwọ́ rẹ̀ há. Ó máa ń ka ẹran inú ìkòkò kí ó tó jáde nílé. Kò sẹ́ni tí kò mọ̀ ládùúgbò.

Lálẹ́ ọjọ́ kan, Bàbá Sàlá ṣe ahun bí ó ṣe máa ń ṣe. Olówó kòkó wa rẹ́rìn-ín títí omi fi ń bọ́ lójú rẹ̀, ó ń lu itan. Lójijì, ó dákẹ́. Ó wo ìyàwó rẹ̀, ìyàwó náà wo ilẹ̀. Lọ́sẹ̀ kejì, nígbà tí a dé ojú fèrèsé, wọ́n ti tì í pa. Ẹ̀yìn pákó la ti gbọ́ eré ọjọ́ náà, a kò rí nǹkan kan. Ọ̀sẹ̀ kẹta, fèrèsé ṣí. Ìyàwó bàbá náà ló ṣí i. N kò mọ ohun tí wọ́n bá ara wọn sọ láàárín ọ̀sẹ̀ méjì yẹn, ṣùgbọ́n láti ọjọ́ náà ni mo ti mọ̀ pé àwòrán inú àpótí yẹn lè wọ inú yàrá ènìyàn ju bí pásítọ̀ tàbí ààfáà ti lè wọ̀ ọ́ lọ.

Kí ẹnikẹ́ni má ṣe sọ fún yín pé tẹlifíṣọ̀n ló kọ́ wa ní irú eré báyìí. Ní oṣù kejì ọdún 1826, òyìnbó arìnrìn-àjò kan tó ń jẹ́ Hugh Clapperton jẹ́ àlejò Aláàfin ní Ọ̀yọ́ Ilé. Wọ́n fi eré dá a lára yá. Àwọn òṣèré yọ nínú agọ̀, wọ́n di ejò ńlá, ejò ń yọ ahọ́n. Nígbà tí ejò lọ tán, agọ̀ mìíràn ń ṣí díẹ̀díẹ̀, ohun kan yọ jáde nínú rẹ̀, ó funfun báláú, ó rù kan eegun, ó ń gbọ̀n bí ẹni tí òtútù fẹ́ pa. Ó ń rìn bí ẹni tí àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀ kò gba ilẹ̀, ó ń fín áṣáà símú. Òyìnbó ni wọ́n ń ṣe! Èrò ń rẹ́rìn-ín, wọ́n sì ń wo ojú àlejò bóyá òun náà gbà pé ó jọ ọ́. Clapperton fúnra rẹ̀ ló kọ ọ́ sínú ìwé ìrìn-àjò rẹ̀, ó sì gbà pé wọ́n ṣe é dáadáa. Ọdún 133 ló wà láàárín ọjọ́ yẹn àti ọjọ́ tí WNTV bẹ̀rẹ̀.

Àwọn alárìnjó a máa ṣe ọ̀mùtí, a máa ṣe Tápà, a máa ṣe ẹni tó gbéraga. Ẹ̀fẹ̀, olórin òru Gẹ̀lẹ̀dẹ́, ń kọrin bú ọ̀bàyéjẹ́ ní Kétu àti ní Yewa. Lọ́jọ́ ọdún Òkè Bàdàn ní Ìbàdàn, kò sí ilé ọlá tí orin kò lè wọ̀. Ṣùgbọ́n gbogbo ìyẹn, ẹni tí à ń bá wí wà nítòsí. Èrò mọ̀ ọ́n. Tí orin bá dárúkọ ìdílé rẹ̀, ilé rẹ̀ wà lẹ́yìn ọjà. Tẹlifíṣọ̀n kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹni tó ń ṣeré ní Ìbàdàn kò mọ̀ pé olówó kòkó kan wà ní Adétì. Ohun tí ó lè ṣe ni pé kí ó wá irú ẹni kan, kí ó ṣe irú ẹni náà dé góńgó, débi pé nínú ìlú mẹ́wàá, ẹni mẹ́wàá á rò pé òun ni wọ́n ń wí. Iṣẹ́ tó ṣòro ni. Tí irú ẹni náà bá fúyẹ́ jù, kò ní jọ ẹnikẹ́ni. Tó bá sì jọ ẹnì kan ṣoṣo jù, ó di èébú.

Ẹ jẹ́ kí n lo eré kan tí kì í ṣe ti Yorùbá láti fi ṣàlàyé, nítorí kò sí èyí tó kọ́ mi ní iṣẹ́ yìí tó o. Láàárín ọdún 1986 sí 1990, Ken Saro-Wiwa gbé Basi and Company jáde lórí NTA. Òpópónà kan ní Èkó, Adetola Street, ni gbogbo rẹ̀ ti ń ṣẹlẹ̀. Basi ń gbé yàrá kan, owó ilé wà lọ́rùn rẹ̀, Madam tó ni ilé ń kanlẹ̀kùn. Alali ọ̀rẹ́ rẹ̀ ń pebi. Josco ń wá ẹni tí yóò gbá. Dandy ní ilé ọtí tí kò pa owó. Basi gbà gbọ́ tọkàntọkàn pé ẹni tó bá fẹ́ di olówó mílíọ̀nù, kí ó máa ronú bí olówó mílíọ̀nù. Lọ́sẹ̀ kọ̀ọ̀kan, ó hùmọ̀ ọ̀nà kan. Kí eré tó parí, ọ̀nà náà ti dí, ó sì ti padà sórí ibùsùn kan náà nínú yàrá kan náà.

Ẹ wo bí wọ́n ṣe kọ́ ọ. Ibùdó kan tí gbogbo ènìyàn gbọ́dọ̀ kọjá. Ènìyàn kan tí ìfẹ́ ọkàn rẹ̀ kò lè yí padà. Ìparí tó dá a padà sí ìbẹ̀rẹ̀, kí ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ lè ṣeé ṣe. Ọdún 1986 yẹn gan-an ni ìjọba bẹ̀rẹ̀ ètò àtúntò ọrọ̀ ajé tí wọ́n ń pè ní SAP, tí náírà bẹ̀rẹ̀ sí í já wálẹ̀, tí ọ̀dọ́ tó ti ka ìwé ń jókòó sílé. Kò sí òṣìṣẹ́ ìjọba kan nínú yàrá Basi, kò sẹ́ni tó ń ṣàlàyé ètò ọrọ̀ ajé fún wa. A kàn ń rí ẹni tí ìṣẹ́ ń bá fínra, tó sì ń sọ mílíọ̀nù. Ọ̀rọ̀ náà yé wa.

Ọkùnrin tó kọ eré yẹn, ìjọba ológun ni ó yẹgi fún un ní ọjọ́ 10 oṣù kọkànlá ọdún 1995, nítorí ìjà tó ń jà fún ilẹ̀ Ògóni. Kì í ṣe nítorí Basi ni wọ́n ṣe pa á, n kò fẹ́ kẹ́ ẹ ṣì mí gbọ́. Ṣùgbọ́n ojú kan náà tó fi rí Adetola Street ló fi rí epo tó ń ba odò wọn jẹ́. Bẹ́ẹ̀ náà ni ti Hubert Ògúndé, tí ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn fòfin de ẹgbẹ́ rẹ̀ ní 1964 nítorí Yorùbá Ronú. Ẹni tó ń pa wá lẹ́rìn-ín, tó sì ń sọ òótọ́, ó ń fi ara rẹ̀ wéwu.

Ní èdè tiwa, mo ṣì ń rántí Kóòtù Aṣípa, tí Oyin Adéjọbí máa ń ṣe lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀ lórí NTA Ìbàdàn. Ilé ẹjọ́ ni ibùdó tirẹ̀. Orogún méjì ń bọ̀, onígbèsè ń bọ̀, àna tó dalẹ̀ ń bọ̀, kò sí ìwà àgbéléṣe kan tí kì í gba ibẹ̀ kọjá. Ìyá mi máa ń dá ẹjọ́ náà kí àwọn adájọ́ tó dá a.

Mo fẹ́ padà sí Ìjẹ̀ṣà wàyí, nítorí ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ mi ń lọ láti àárọ̀.

Gbogbo wa la mọ oríkì wa. Ìjẹ̀ṣà kò rídìí ìṣáná, ilé lọmọ Ọwá ti ń múná roko. Wọ́n ń fi kí wa, orí wa ń wú. Ṣùgbọ́n ẹ rò ó wò. Ẹni tó ń mú iná láti ilé rẹ̀ lọ sí oko ní láti kọ́kọ́ dáná nílé. Iná náà ní láti wà láàrò tirẹ̀, kí èéfín rẹ̀ bo ojú tirẹ̀, kí ó tó di ohun tó ń gbé lọ síbòmíràn.

Ẹ tún wo òṣómàáló. Àwọn baba ńlá wa a máa gbé aṣọ lọ sí ìlú òkèèrè, wọ́n á tà á láwìn. Nígbà tí ọjọ́ bá pé, wọ́n á lọ bá ajigbèsè nílé, wọ́n á lóṣòó sẹ́nu ọ̀nà, wọ́n á ní òṣó làwọn ó ló títí àwọn ó fi gbowó àwọn. Wọn kò ní jókòó sórí àga, wọn kò ní mu omi. Orúkọ yẹn lẹ̀ mọ́ wa títí dòní, ó sì wúlò fún wa: owó òṣómàáló ló rán ọ̀pọ̀ àwọn tó jókòó síbí lọ sílé ìwé. Bí ẹni ìlú mìíràn bá fi ṣe wá ní yẹ̀yẹ́, a lè bá a jà.

Ọmọ ilé yìí gan-an ló wá lọ dúró sójú tẹlifíṣọ̀n, tó ṣe ahun, tó ṣe ẹni tí owó fẹ́ràn débi pé kò fẹ́ kúrò lápò rẹ̀. Ìjẹ̀ṣà ló fi Ìjẹ̀ṣà rẹ́rìn-ín. Kò lọ wá ahun sí Ìbàdàn tàbí Abẹ́òkúta. Èmi gbà pé nítorí pé iná náà ti ilé wá ni ó fi mú níbi gbogbo. Ará Ìbàdàn rẹ́rìn-ín, ará Èkó rẹ́rìn-ín, olúkúlùkù mọ ahun tirẹ̀. Bàbá Sàlá kò sì fi ẹni tí kò ní nǹkan ṣe ẹlẹ́yà. Bàbá nínú ilé ló ń ṣe, ọkọ, ẹni tó ní àṣẹ, ẹni tó rò pé òun gbọ́n. Ẹni tó ga ló ń rẹ̀ sílẹ̀.

Ibí ni ọkàn mi ti ń bàjẹ́ sí ohun tí à ń rí báyìí. Ẹ tan tẹlifíṣọ̀n yín lálẹ́ òní. Ta ni wọ́n ń fi ṣe yẹ̀yẹ́? Ọmọ ọ̀dọ̀. Máìgátì. Ọmọbìnrin tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti oko dé, tí kò mọ bí wọ́n ṣe ń lo ìdáná gáàsì. Ìyá arúgbó tó sọ ẹ̀ka èdè rẹ̀. Ẹni tí kò sí ní ipò àtidáhùn ni wọ́n ń fi pa wá lẹ́rìn-ín, ọ̀gá tó ń gbé e wá láti abúlé, tí kò san owó oṣù rẹ̀ láti oṣù mẹ́ta, òun ló dúró bí ènìyàn pàtàkì, tó wọ kóòtù, tó ń fi Gẹ̀ẹ́sì bá a wí.

Ó ti kàn mí rí. Nígbà tí mo ṣì ń kọ́ni, èmi àti àwọn akẹ́kọ̀ọ́ mi kọ eré àwàdà kan. Onílé kan ló wà nínú rẹ̀, olówó, tó ń gba owó iná lọ́wọ́ àwọn ayálégbé nígbà tí iná kò sí, tó ń tan jẹnẹrétọ̀ tirẹ̀ nìkan, tó sì ti ẹnu kànga borehole pa. Ìjẹ̀ṣà ponbele ni a fi sí i lẹ́nu, nítorí onílé ní Iléṣà ni, Ìjẹ̀ṣà ló sì ń sọ. Ó ń sọ pé ulé òun ni, ẹni tí kò bá tẹ́ lọ́rùn kí ó jáde. A gbé e lọ sí ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n kan. Àwọn tó kà á ní ó dára, ó pa àwọn lẹ́rìn-ín. Wọ́n wá ní ohun kan ṣoṣo ni kí a tún ṣe: kí onílé máa sọ Yorùbá tó dán tàbí Gẹ̀ẹ́sì, kí a sì gbé Ìjẹ̀ṣà náà fún ọmọ ọ̀dọ̀ rẹ̀, torí ẹnu ọmọ ọ̀dọ̀ ni yóò ti pa ènìyàn lẹ́rìn-ín jù.

Mo kó ìwé mi, mo bọ́ síta. Ọmọ mẹ́fà ló tẹ̀lé mi lọ lọ́jọ́ náà. Nínú ọkọ̀ bọ̀, ọ̀kan nínú wọn bi mí pé, "Ẹ̀yin tíṣà, ṣé ẹnu wa ló ń pa wọ́n lẹ́rìn-ín ni?" N kò rí ìdáhùn fún un nígbà náà. Mo ní ìdáhùn báyìí, ọmọ náà sì ti di ìyàwó ilé lókè òkun. Mo fẹ́ kí ó gbọ́ ọ: ẹnu wa kọ́. Wọ́n ti kọ́ etí àwọn ènìyàn láti máa gbọ́ "ulé" àti "uṣẹ́" bí ohùn ẹni tí kò já mọ́ nǹkan. Eré ló kọ́ wọn bẹ́ẹ̀, eré náà ló sì lè kọ́ wọn ní òmíràn.

N kò ní kí ẹ má ṣe fi ará oko ṣeré o. Funke Akindele fi ọmọbìnrin tó ti abúlé wá sí Èkó ṣe odidi eré, láti orí fíìmù Jenifa ní 2008 títí dé Jenifa's Diary tó bẹ̀rẹ̀ sí í jáde ní 2015. Ohun tó gbà á là lójú tèmi ni pé Sùlíà, ọmọbìnrin inú eré náà, ní ọgbọ́n tirẹ̀. Ó ń ṣi Gẹ̀ẹ́sì sọ, ṣùgbọ́n ó máa ń rí ìwà ẹ̀tàn àwọn ará Lekki kí wọ́n tó rí i fúnra wọn. Àwọn tó fara wé e lẹ́yìn náà mú Gẹ̀ẹ́sì àṣìsọ, wọ́n fi ọgbọ́n sílẹ̀.

Ní Ilé-Ifẹ̀ tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa yìí, àwọn ọ̀mọ̀wé ti ṣe ohun kan tí mo fẹ́ kí ẹ mọ̀. Ní 1968, wọ́n dá ibùdó Orí Olókun sílẹ̀ ní Arùbídì, láàárín ìlú, kì í ṣe nínú ọgbà yunifásítì, kí ará ìlú lè jókòó wo eré. Ibẹ̀ ni Ọlá Rótìmí ti ṣiṣẹ́ takuntakun. Nígbà tí Wọlé Ṣóyínká ń kọ́ni ní Ifẹ̀, ó kó àwọn òṣèré jọ, wọ́n ń gbé eré kúkúrú lọ sí ọjà àti ibùdókọ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980, tí wọ́n ń fi bá àwọn olóṣèlú wí. Tẹlifíṣọ̀n kọ́, mo mọ̀. Ṣùgbọ́n ibi tí èrò wà ni wọ́n lọ.

Ẹnì kan yóò bi mí pé kí ló dé tí iná Bàbá Sàlá kò fi ràn mọ́ igi tuntun níbí. Owó ni, àti olè. Ní 1982, ó gbé Ọ̀run Móoru jáde, Ola Balogun ló darí rẹ̀. Lámídì tí gbájú-ẹ̀ ti kó nílé, tí ayé sú, tó wọ inú omi lọ sí ìsàlẹ̀. Ó yáwó láti fi ṣe é. Àwọn olè jí i dà sórí kásẹ́ẹ̀tì fídíò, wọ́n ń tà á kiri kí òun tó rí owó rẹ̀ gbà padà. Ọkùnrin tó fi gbogbo ayé rẹ̀ ṣe ẹni tí owó há mọ́ lọ́wọ́, tí a rẹ́rìn-ín, àwa náà la jókòó nínú pálọ̀ wa tí a ń wo kásẹ́ẹ̀tì tí wọ́n jí lọ́wọ́ rẹ̀. Mo wà lára àwọn tó wò ó. Ó ń dùn mí di ọ̀la.

Ìdí kejì kò hàn tó bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ó lágbára. Tẹ́lẹ̀, ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ló máa ń ṣe eré fúnra rẹ̀, tí ó sì ń sanwó fún òṣèré. Nígbà tó yá, ó di pé ẹni tó ní eré lọ́wọ́ ló ń ra àkókò lọ́wọ́ ilé iṣẹ́, kí ó tó lè fi hàn. Ibo ni yóò ti rí owó náà? Ó ní láti wá onígbọ̀wọ́: onípáànù, oníbísíkíìtì, báńkì. Bí báńkì bá ti sanwó, ṣé ẹ óò wá ṣe eré nípa ẹni tí báńkì gé owó rẹ̀ láìmọ̀dí? Ẹ ò ní ṣe é. Ẹ óò lọ ṣe ọmọ ọ̀dọ̀. Ọmọ ọ̀dọ̀ kò fún ẹnikẹ́ni ní ìgbọ̀wọ́. Bẹ́ẹ̀ ni ẹ̀rín ṣe ń ṣàn lọ sísàlẹ̀, láìjẹ́ pé ẹnì kan jókòó pinnu rẹ̀.

Àwọn ọmọ mi á ní, a ti ní fóònù báyìí, a kò nílò ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n. Òótọ́ ni, inú mi sì dùn sí i. Debo Adedayo, tí ẹ ń pè ní Mr Macaroni, ń ṣe àgbàlagbà olówó tó ń lé ọmọdébìnrin, ẹni tó ga ló sì ń bá wí. Òun náà kò fi ẹnu nìkan ṣe é, àwọn ọlọ́pàá mú un ní Lekki ní oṣù kejì ọdún 2021 nígbà tó lọ fẹ̀hónú hàn. Ṣùgbọ́n eré ìṣẹ́jú méjì ní ibi tí agbára rẹ̀ mọ. Ó lè ta ènìyàn bí oyin. Kò lè bá a gbé. Ohun tó jẹ́ kí olówó kòkó wa ti fèrèsé, tó tún jẹ́ kí wọ́n ṣí i, ni pé Bàbá Sàlá ń padà bọ̀ lọ́sẹ̀ kọ̀ọ̀kan, ní aago kan náà, pẹ̀lú ìwà kan náà. Ènìyàn lè sá fún un lẹ́ẹ̀kan.

Ohun tí mo ń bẹ̀bẹ̀ fún nìyí: eré kan, ti Iléṣà, lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, ibì kan náà, ojú kan náà. Ibùdó rẹ̀ kò jìnnà. Ẹ lọ dúró sí ibi oní-POS kan lẹ́nu ọjà Atákúnmọ́sà láàárọ̀ ọjọ́ ọjà. Gbogbo ìlú ló ń gba ibẹ̀ kọjá. Ìyá aláṣọ tó ń wá owó kéékèèké. Ọmọkùnrin tó ń wa góòlù ní Igun tàbí Ìtagúnmódi, tó ra ọ̀kadà tuntun lánàá, tí ẹsẹ̀ rẹ̀ ṣì dọ̀tí. Onílé tó ń fi owó ilé ọdún méjì ṣẹ́ ayálégbé lápá. Ẹni tó ti Èkó wá fún ọdún Ìwúdé, tó háyà mọ́tò, tó fẹ́ kí gbogbo ìlú rò pé tirẹ̀ ni. Ìyẹn gan-an ni mo fẹ́ràn jù, nítorí agogo ògiri ló tún gbé kọ́ra. Ìdílé tó yáwó láti fi sìnkú, tí aṣọ ẹbí rẹ̀ jẹ́ oríṣi mẹ́ta, tí ẹni tó kú kò rí oògùn rà nígbà tó wà láyé. Ìyẹn yóò dun gbogbo wa, èmi náà pẹ̀lú, nítorí a ti ṣe é nílé wa.

Lẹ́yìn tí mo sọ̀rọ̀ tán, bàbá kan dìde nínú àwọn àgbà tó jókòó níwájú. Ó ní ọ̀rọ̀ mi dára, ṣùgbọ́n ṣé kò ní tàbùkù ìlú, kí àwọn ará ìta máa rí wa bí ahun, bí onígbèsè, bí ẹni tó ń fi òkú ṣe fàájì? Mo kúnlẹ̀ kí n tó dá bàbá lóhùn, nítorí ìbéèrè gidi ni. Mo ní: Bàbá, ta ni ó sọ Iléṣà di mímọ̀ nínú ilé tí kò sí Ìjẹ̀ṣà kankan, ní Sókótó, ní Kàlàbá? Ẹni tó fi ara rẹ̀ ṣe ahun ni. Kò sẹ́ni tó tìtorí rẹ̀ kórìíra wa. Ohun tó ń tàbùkù wa ni pé àwọn ẹlòmíràn ń kọ eré wa fún wa, wọ́n ń fi ẹnu wa sí ẹnu ẹrú.

Bàbá náà mi orí, ó jókòó. Kò sọ pé òun gbà, kò sọ pé òun kò gbà.

Ọmọdébìnrin kan ní ta ni yóò sanwó rẹ̀. Mo sọ òótọ́ fún un pé kò tíì sówó. A ní kámẹ́rà kan, a ní gbọ̀ngàn yìí lọ́fẹ̀ẹ́ ní ọjọ́bọ̀ láti aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́, mo sì ti rí ìwé eré onílé wa àtijọ́ nínú àpótí, a ó fi bẹ̀rẹ̀. Onílé yóò sọ Ìjẹ̀ṣà. Ẹni tó bá fẹ́ kópa, kí ó wá fi orúkọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ mi kí a tó tú ká.

Ẹni mọ́kànlá ló wá. Èyí tó kọ́kọ́ dé ọ̀dọ̀ mi ni màmá kan tó ti lé ní àádọ́rin ọdún, tó mú ọ̀pá dání. Ó ní òun kò ní ṣe ìyá àgbà o, òun fẹ́ ṣe onílé. Kí n tó kọ orúkọ rẹ̀ tán, ó ti yíjú sí ọmọkùnrin tó tò sí ẹ̀yìn rẹ̀, ó na ọ̀pá sí i láyà, ó ń fi Ìjẹ̀ṣà bi í léèrè owó ilé oṣù mẹ́fà.